Rẹ́tọ́ríìkì ní Yorùbá: ṣé àrọwà ni, àbí ọ̀rọ̀ dídùn, àbí àwíyé?

Ẹ̀yin ará, ẹ kú iṣẹ́ o.

Àbá mẹ́ta ló wà nílẹ̀ báyìí lórí orúkọ tí a ó fún rẹ́tọ́ríìkì (rhetoric lédè Gẹ̀ẹ́sì, ìyẹn ẹ̀kọ́ nípa bí èèyàn ṣe ń lo ọ̀rọ̀ níwájú olùgbọ́) ní èdè wa. Àkọ́kọ́ ni "ẹ̀kọ́ ọ̀rọ̀ dídùn". Èkejì ni "ìmọ̀ ìyínilérò-padà". Ẹ̀kẹta ni ti ẹ̀gbọ́n wa tó ní àrọwà ti wà nílẹ̀ kí wọ́n tó bí ẹnikẹ́ni nínú wa, kí la tún ń wá kiri. Ìwé tí a fẹ́ lo ọ̀rọ̀ náà fún ni èyí tí yóò gbé èrò àwọn ará Ìlà-Oòrùn àti ti Ìwọ̀-Oòrùn lórí ọ̀rọ̀ sísọ yẹ̀ wò lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Ohun tó ń kọ mí lóminú nìyẹn, torí ọ̀kọ̀ọ̀kan nínú orúkọ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti gbè sẹ́yìn ẹnì kan kí ìwé náà tó bẹ̀rẹ̀. Bí a bá fi orúkọ tó bá ẹnì kan ṣoṣo mu pe ohun tí èèyàn púpọ̀ ń ṣe, àwọn yòókù yóò dà bí ẹni tí kò mọ̀ ọ́n ṣe.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ àwọn Gíríìkì, torí ọwọ́ wọn ni ọ̀rọ̀ náà ti wá. Rhetor ni wọ́n ń pe ẹni tó máa ń dìde níwájú ìpàdé ìlú Áténì láti dá àbá tàbí láti ta ko àbá ẹlòmíràn. Wọ́n fi -ike kún un, ó di rhetorike, bí ẹni pé a ní "iṣẹ́ tí rhetor mọ̀ ọ́n ṣe". Lára ibi tó pẹ́ jù lọ tí a ti bá ọ̀rọ̀ yìí pàdé ni Gorgias, ìwé tí Plato, amòye Gíríìkì, kọ ní nǹkan bí ọdún 380 ṣáájú ìbí Kristi. Ẹ̀sùn ni Plato sì fi kàn án níbẹ̀. Ó gbé e sí Socrates, olùkọ́ rẹ̀, lẹ́nu pé rhetorike kì í ṣe iṣẹ́ tó ní ìmọ̀ nínú, pé bí oúnjẹ sísè ṣe rí sí ìṣègùn ló ṣe rí sí òdodo. Alásè ń fún ara ní ohun tó dùn mọ́ ọn, ó sì ń ṣe bí ẹni tó mọ ohun tó dára fún ara. Rhetor ń fún èrò ní ohun tó dùn létí wọn, ó sì ń ṣe bí ẹni tó mọ ohun tó tọ́. Ẹni tó bá wá ní ká pe ẹ̀kọ́ yìí ní "ọ̀rọ̀ dídùn" ti sọ ẹ̀sùn olùpẹ̀jọ́ di orúkọ olùjẹ́jọ́. Èyí kò tọ́ sí i.

"Ìmọ̀ ìyínilérò-padà" sàn ju ìyẹn lọ, àmọ́ ẹ wo bí Aristotle, ọmọ ẹ̀yìn Plato, ṣe sọ tirẹ̀. Kò ní iṣẹ́ náà ni láti yí èèyàn lérò padà. Ó ní agbára láti rí, nínú ọ̀ràn kọ̀ọ̀kan, ohun tó wà níbẹ̀ tó lè yíni lérò padà ni. Ó fi ìṣègùn ṣàlàyé rẹ̀: iṣẹ́ oníṣègùn kọ́ ni pé kí gbogbo aláìsàn dìde, iṣẹ́ rẹ̀ ni pé kó mú ìwòsàn dé ibi tó lè dé, torí èèyàn lè ṣe ìtọ́jú tó péye fún ẹni tí kò ní í gbádùn mọ́. Ojú ló kọ́kọ́ jẹ́, kó tó kan ẹnu. Asọ̀rọ̀ tó pàdánù ẹjọ́ lè jẹ́ ẹni tó mọ iṣẹ́ rẹ̀ dójú àmì. Orúkọ náà "ìyínilérò-padà" kò fi àyè sílẹ̀ fún ìyẹn: bí o ò bá yí wọn lérò padà, o ò ṣe é nìyẹn.

Yàtọ̀ sí èyí, orúkọ náà ní irú ìjókòó kan lọ́kàn. Oríṣi ọ̀rọ̀ mẹ́ta ni Aristotle kà: èyí tí ìgbìmọ̀ fi ń pinnu ohun tí wọn yóò ṣe lọ́la, èyí tí ilé ẹjọ́ fi ń wádìí ohun tó ti ṣẹlẹ̀, àti èyí tí a fi ń yin èèyàn tàbí bẹnu àtẹ́ lù ú níwájú àwùjọ. Nínú méjì àkọ́kọ́, ọ̀pọ̀ èèyàn ló jókòó, ìbò sì wà lọ́wọ́ wọn. Ní Áténì, àwọn tó ń dá ẹjọ́ kan lè jẹ́ 201 tàbí 501, aago olómi sì ń ka àkókò fún asọ̀rọ̀. Kò sí bí èèyàn ṣe lè mọ ohun tó wà lọ́kàn olúkúlùkù nínú èrò tó pọ̀ tó bẹ́ẹ̀. Ohun tí gbogbo wọn jọ mọ̀, tí gbogbo wọn jọ gbà, ni asọ̀rọ̀ lè tẹ̀ mọ́.

Ẹ gbé ìyẹn sẹ́gbẹ̀ẹ́ Han Fei ti Ṣáínà, ẹni tó kú sẹ́wọ̀n ní ìjọba Qin lọ́dún 233 ṣáájú ìbí Kristi. Ó kọ orí ìwé kan tó ń jẹ́ Shuinan, "ìṣòro shui", ìyẹn ìṣòro bíbá aláṣẹ sọ̀rọ̀ kó lè gbà. Olùgbọ́ kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀, ọba sì ni. Han Fei ní ìṣòro náà kì í ṣe ti kéèyàn mọ ohun tó fẹ́ sọ, kì í ṣe ti kó mọ̀ ọ́n sọ, kì í sì í ṣe ti kó láyà láti sọ ọ́ tán. Ìṣòro rẹ̀ ni láti mọ ọkàn ẹni tí à ń bá sọ̀rọ̀, kí ọ̀rọ̀ lè ṣe rẹ́gí pẹ̀lú rẹ̀. Bí iyì bá jẹ ọba lógún tí o bá a sọ ti èrè, yóò ní ẹni yẹpẹrẹ ni ọ́. Bí èrè bá jẹ ẹ́ lógún tí o bá a sọ ti iyì, yóò ní o ò mọ bí ayé ṣe ń lọ. Èyí tó le jù ni ti ọba tó ń wá èrè lábẹ́lẹ̀ tó sì ń ṣe bí ẹni tó fẹ́ iyì. Sọ ti iyì fún un, yóò gbà ọ́ lójú ayé, yóò sì jìnnà sí ọ. Sọ ti èrè fún un, yóò lo ìmọ̀ràn rẹ ní kọ̀rọ̀, yóò sì pa ọ́ tì ní gbangba. Dírágónì ló fi parí orí náà: ó ṣeé tù lójú, ó ṣeé gùn, àmọ́ ìpẹ́ kan wà lábẹ́ ọ̀fun rẹ̀ tó kọjú sódì, ẹni tó bá sì fọwọ́ kàn án, ikú ni.

Níbí ni àrọwà ti bá a mu wẹ́kú. Nínú èdè wa, ẹni tó lágbára láti kọ̀ la máa ń pàrọwà sí, a sì máa ń fi ohùn pẹ̀lẹ́ pa á. Ṣùgbọ́n ẹni tó ń tú ẹ̀rí ọ̀tá rẹ̀ palẹ̀ níwájú adájọ́ 501 kò pàrọwà. Bí a bá kọ ọ́ bẹ́ẹ̀, ẹni tó ń kàwé yóò rò pé ẹ̀bẹ̀ ló ń bẹ̀. Ẹ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́ ẹ má bínú: ọ̀rọ̀ tí ẹ mú wá dára, àmọ́ yàrá kan ló mọ, kì í ṣe gbogbo ilé. Ẹ jẹ́ ká fi àrọwà sílẹ̀ fún shui, kí ìyínilérò-padà wà fún peitho ti àwọn Gíríìkì.

Ẹ̀kọ́ kan tún wà nínú ohun tó ṣẹlẹ̀ sí àwọn ará Ṣáínà fúnra wọn. Xiucixue ni wọ́n ń pe rẹ́tọ́ríìkì lónìí. Àwọn ará Jàpáánì ń fi lẹ́tà kan náà pè é ní shujigaku. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni "ìmọ̀ títún ọ̀rọ̀ ṣe". Inú àlàyé àtijọ́ tó wà nínú Yijing, ọ̀kan lára ìwé àtijọ́ wọn, ni xiuci ti wá, níbi tí wọ́n ti ní kéèyàn tún ọ̀rọ̀ ṣe kí òtítọ́ inú rẹ̀ lè fẹsẹ̀ múlẹ̀. Nígbà tí wọ́n sọ ọ́ di orúkọ ẹ̀kọ́, ìdajì kejì jábọ́ sọ́nà. Òtítọ́ inú lọ, ọnà ọ̀rọ̀ ló kù. Nínú Xiucixue Fafan tí Chen Wangdao gbé jáde lọ́dún 1932, oríṣi ọnà èdè 38 ló tò sílẹ̀. Iṣẹ́ ńlá ni, àmọ́ ẹni tó bá fi orúkọ yẹn wá rẹ́tọ́ríìkì nínú ìwé àtijọ́ wọn, àfiwé àti àwítúnwí ni yóò máa rí, yóò sì fo Han Fei dá. Ìdí nìyẹn tí onímọ̀ kan, Xing Lu, nínú ìwé rẹ̀ ti 1998 lórí rẹ́tọ́ríìkì Ṣáínà àtijọ́, fi padà lọ ṣa ọ̀rọ̀ àtijọ́ wọn jọ lọ́kọ̀ọ̀kan: yan (ọ̀rọ̀ sísọ), ci (ọ̀rọ̀ tí a tò), jian (ìmọ̀ràn fún aláṣẹ), shui, ming (ìsọlórúkọ), bian (iyàn). Kò fi ọ̀kan pa èkejì. Ohun tí mo ń bẹ̀ wá pé ká ṣe náà nìyẹn.

Ó wá ku olórí, ìyẹn orúkọ tí yóò bo gbogbo wọn. Confucius, amòye àtijọ́ ti Ṣáínà, ní ọ̀rọ̀ kan tó kúrú gan-an nínú Lunyu, ìwé tí wọ́n kó ọ̀rọ̀ rẹ̀ jọ sí: ci da er yi yi. "Ọ̀rọ̀ kó ṣáà ti dé, ó tán." Da ni kí nǹkan dé, kó là já. Àwọn Lárúbáwá náà ní irú rẹ̀. Nígbà tí wọ́n túmọ̀ ìwé Aristotle, khataba ni wọ́n pè é, láti ara khatib, ẹni tó ń dìde sọ̀rọ̀ níwájú èrò, gẹ́lẹ́ bí Gíríìkì ṣe ti ara rhetor ṣẹ̀dá tirẹ̀. Ṣùgbọ́n balagha ni wọ́n pe ẹ̀kọ́ tí àwọn fúnra wọn gbé dìde, láti ara ọ̀rọ̀-ìṣe tó túmọ̀ sí "dé". Al-Jurjani kọ́ ìpìlẹ̀ rẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 1000 sí 1100. Lẹ́yìn al-Sakkaki tó kú lọ́dún 1229, ó pín sí mẹ́ta: ma'ani tó ń wo bí ìtò gbólóhùn ṣe bá ipò olùgbọ́ mu, bayan tó ń wo àfiwé, badi' tó ń wo ọ̀ṣọ́. Khataba àti balagha jọ gbé pọ̀ fún ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún, kò sí èyí tó gbé èkejì mì.

Dé ni ti Ṣáínà, dé ni ti Lárúbáwá. Àwa náà ń sọ pé ọ̀rọ̀ dé etí, pé ọ̀rọ̀ dénú. Ọ̀rọ̀ tó sún mọ́ ọn jù lọ lọ́dọ̀ wa ni àwíyé. Mo dá a lábàá pé kí "ìmọ̀ àwíyé" jẹ́ olórí.

ÈSÌ KÌÍNÍ

Àbúrò, mo kà á tán, o ṣeun. Lórí ọ̀rọ̀ dídùn, a ti fẹnu kò. Lórí àrọwà, o fẹ́rẹ̀ẹ́ yí mi lérò padà, bó o ṣe fẹ́ kí a máa lò ó. Ṣùgbọ́n ti àwíyé yẹn kò lè dúró, jẹ́ kí n sọ ìdí rẹ̀ fún ọ.

Àwíyé ni ohun tí a là sílẹ̀ gbangba tó sì yé. Bí o bá fi í ṣe olórí, o ti lé ìdajì àwọn ará Ìlà-Oòrùn jáde nílé, àwọn gan-an tí o ní o fẹ́ gbà sílé. Ẹ wo amòye Ṣáínà méjì: Laozi ní ẹni tó mọ̀ kì í sọ, ẹni tó ń sọ kò mọ̀. Zhuangzi ní torí ẹja la ṣe dẹ ìgèrè, ọwọ́ bá ti tẹ ẹja, a gbàgbé ìgèrè; torí èrò la ṣe ní ọ̀rọ̀, ọwọ́ bá ti tẹ èrò, a gbàgbé ọ̀rọ̀. Níbo ni àwíyé wà nínú ìyẹn?

Kọjá sí Íńdíà. Anandavardhana, ará Kashmir, tó kọ̀wé láàárín ọdún 800 sí 900, ní ohun tó ga jù nínú ewì ni dhvani, ìyẹn ìró tó ń dún lẹ́yìn ọ̀rọ̀. Àpẹẹrẹ tí àwọn onímọ̀ yìí máa ń lò ni "abúlé kan lórí Ganga". Odò ni Ganga. Abúlé kò lè dúró lórí omi. Nítorí náà, ìtumọ̀ ojú ọ̀rọ̀ kọ̀. Ìtumọ̀ kejì wọlé: etí odò ni wọ́n ní lọ́kàn. Ṣùgbọ́n bó bá jẹ́ ìyẹn nìkan ni, kí ló dé tí asọ̀rọ̀ kò kúkú sọ "etí odò"? Torí ìtumọ̀ kẹta ni: ìtutù odò náà àti mímọ́ rẹ̀ ti bo abúlé, ẹnikẹ́ni kò sì sọ ọ́. Sahrdaya ni wọ́n ń pe olùgbọ́ tó lè gbọ́ ìyẹn, ẹni tí ọkàn rẹ̀ bá ti asọ̀rọ̀ mu. Ohun tí kò yọ sójú ọ̀rọ̀ ló dára jù níbẹ̀.

Má sì rò pé Ìlà-Oòrùn nìkan ló ń fi ọ̀rọ̀ pamọ́. Aristotle ní bí o bá fẹ́ sọ pé Dorieus gba adé nínú ìdíje, ó tó kí o sọ pé ó borí ní Olympia. Kò sí ìdí láti fi kún un pé adé ni wọ́n ń fún aṣẹ́gun ní Olympia, gbogbo ayé ló mọ̀. Olùgbọ́ ni yóò fi ìyókù kún un. Enthymema ló pe irú ẹ̀rí bẹ́ẹ̀, ó sì kà á sí ara ẹ̀kọ́ náà gan-an. Àwọn àgbà wa ní àbọ̀ ọ̀rọ̀ là ń sọ fún ọmọlúàbí, bó bá dénú rẹ̀ yóò di odindi. Bí o bá sọ òwe yẹn fún Aristotle, kò ní í bá ọ jiyàn.

Nítorí náà, kí ìwé náà ṣọ́ra fún àwòrán tí Robert Kaplan, onímọ̀ èdè ará Amẹ́ríkà, yà lọ́dún 1966, níbi tó ti fi ìlà gbọọrọ ṣe àmì èrò àwọn tó ń sọ Gẹ̀ẹ́sì, tó sì fi ìlà tó ń yí po wọnú ṣe ti gbogbo àwọn ará Ìlà-Oòrùn lápapọ̀. Àwọn tó ń kọ́ Gẹ̀ẹ́sì bí èdè kejì ni àròkọ tó yẹ̀ wò ti wá. Ohun tí èèyàn bá kọ ní èdè àjèjì kò tó ẹ̀rí láti fi mọ bó ṣe ń ronú ní èdè abínibí rẹ̀.

Paríparí rẹ̀, o kò mú ọ̀rọ̀ kankan wá fún iyàn. Xunzi, amòye Ṣáínà mìíràn, ní junzi (ẹni iyì oníwà rere) gbọ́dọ̀ jiyàn. Àwọn Nyaya, ẹgbẹ́ àwọn amòye kan ní Íńdíà, ní ìlànà iyàn tó le bí irin. Bí ìwé náà bá dé ibẹ̀, kí la fẹ́ kọ? Mo tún ń bẹ̀rù pé ọ̀rọ̀ ti ń pọ̀ jù fún akẹ́kọ̀ọ́.

ÈSÌ KEJÌ

Ẹ̀gbọ́n, ẹ ṣeun gidigidi. Lórí àwíyé, ẹ borí, mo sì ti gbé e kúrò nípò olórí. Yóò wà fún da àti balagha nìkan, níbi tí ó ti jẹ́ tirẹ̀.

Olórí tí mo fara mọ́ báyìí ni "ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀", èyí tí kò sí ẹni tó dá a lábàá nínú wa torí ó hàn gbangba jù. Ẹ jẹ́ ká fi gbólóhùn mẹ́rin dán gbogbo orúkọ tó wà nílẹ̀ wò:

Ìwé tí Aristotle kọ lórí ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀ pín sí mẹ́ta.
Plato bẹnu àtẹ́ lu ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀.
Ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀ rẹ̀ kò kéré, síbẹ̀ ó pàdánù ẹjọ́ náà.
Confucius ka ìdákẹ́ mọ́ ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀.

Ẹ fi "ọ̀rọ̀ dídùn" sí i: ìkejì dúró, ìkíní wó. Ẹ fi "ìyínilérò-padà" sí i: ìkẹta ta ko ara rẹ̀. Ẹ fi "àrọwà" tàbí "àwíyé" sí i: ìkẹrin kò ní ìtumọ̀ mọ́. "Ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀" gba mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, torí ọgbọ́n ni ó jẹ́, ọgbọ́n sì mọ ìgbà tí kò yẹ kéèyàn sọ̀rọ̀. Confucius fúnra rẹ̀ ní bí ẹnì kan bá ṣeé bá sọ̀rọ̀ tí o kò bá a sọ ọ́, o pàdánù èèyàn. Bí kò bá ṣeé bá sọ̀rọ̀ tí o bá a sọ ọ́, o pàdánù ọ̀rọ̀. Ọlọ́gbọ́n kì í pàdánù èèyàn, kì í sì í pàdánù ọ̀rọ̀. Ẹnì kan lè sọ pé "ọgbọ́n" máa ń fì sí ẹ̀tàn nígbà mìíràn. Òótọ́ ni, ìfura yẹn sì wà lára rhetorike láti ọjọ́ Plato. Kò burú bí orúkọ náà bá gbé díẹ̀ nínú rẹ̀ dání. Fún ẹni tó ń ṣe iṣẹ́ náà, sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ ti wà. Fún ẹni tó ń kọ́ni tàbí tó ń ṣèwádìí rẹ̀, ká lo onímọ̀ ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀. Ká má ṣe pa méjèèjì pọ̀, torí Aristotle kì í ṣe sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀.

Lórí àbọ̀ ọ̀rọ̀, ohun tí ẹ sọ ló là mí lójú jù, àmọ́ ẹ jẹ́ kí n fi ìyàtọ̀ kan kún un tí ìwé náà kò gbọ́dọ̀ gbójú fò. Ohun tó ṣẹ́ kù nínú enthymema ṣeé sọ jáde láìsí ìpàdánù. Bí o bá sọ pé adé ni ẹ̀bùn Olympia, ẹ̀rí náà gùn sí i, ó lè sú olùgbọ́, àmọ́ kò kú. Dhvani ní tirẹ̀, bí o bá là á sílẹ̀, o ti pa á. "Abúlé tútù mímọ́ kan létí Ganga" kì í ṣe ohun kan náà mọ́. Nítorí náà, ọ̀rọ̀ méjì la nílò: àbọ̀ ẹ̀rí fún enthymema, ìró ẹ̀yìn ọ̀rọ̀ fún dhvani. Bí ìwé náà bá pe méjèèjì ní "àbọ̀ ọ̀rọ̀", ẹni tó ń kà á yóò rò pé Ìlà-Oòrùn àti Ìwọ̀-Oòrùn ń ṣe nǹkan kan náà, bẹ́ẹ̀ wọn ò ṣe é.

Ti iyàn ńkọ́? Nyaya pín in sí mẹ́ta, a sì ní ọ̀rọ̀ fún wọn. Vada, níbi tí àwọn méjèèjì ti ń wá òtítọ́, ni ìjíròrò. Jalpa, níbi tí èèyàn ti ń wá bí yóò ṣe borí, tó sì lè lo ẹ̀tàn ọ̀rọ̀, ni àríyànjiyàn. Vitanda ni ti ẹni tó ń wó tẹlòmíràn láìní tirẹ̀ lọ́wọ́. Mo dábàá "àtakò lásán". Wọ́n tún to ojú ìṣubú 22 sílẹ̀: yíyí àbá padà láàárín ọ̀nà, sísọ ohun tí kò ní ìtumọ̀, àsọtúnsọ tí kò ní ìdí, dídákẹ́ nígbà tó yẹ kéèyàn fèsì, àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ.

Ìgbésẹ̀ márùn-ún ni ẹ̀rí wọn ní. Àbá: iná wà lórí òkè yẹn. Ìdí: torí èéfín wà níbẹ̀. Àpẹẹrẹ: ibikíbi tí èéfín bá wà, iná wà níbẹ̀, bí ilé ìdáná. Ìmúbáramu: òkè yẹn ní irú èéfín bẹ́ẹ̀. Àyọrísí: nítorí náà, iná wà lórí òkè yẹn. Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ nígbà tí a bá ń túmọ̀ rẹ̀ ni pé a máa ń gé ìgbésẹ̀ kẹta kúrú sí "bí ilé ìdáná", torí "àpẹẹrẹ" lójú wa jẹ́ ohun tí a fi ń ṣe ọ̀rọ̀ lọ́ṣọ̀ọ́. Níbẹ̀, àpẹẹrẹ ló gbé òfin náà ró, ohun tí asọ̀rọ̀ àti alátakò rẹ̀ jọ gbà ló sì gbọ́dọ̀ jẹ́. Bí a bá yọ ọ́, ẹ̀rí náà wó. Fún ìdí yìí, ká kọ ọ́ ní "òfin pẹ̀lú àpẹẹrẹ", bó tilẹ̀ gùn díẹ̀.

Ẹ ní ọ̀rọ̀ ti ń pọ̀ jù. Ẹ wo Fukuzawa Yukichi, òǹkọ̀wé àti olùkọ́ kan ní Jàpáánì. Lẹ́yìn ọdún 1870, kò sí ọ̀rọ̀ tó ṣe rẹ́gí lédè wọn fún kí ẹnì kan dìde bá àwùjọ sọ èrò rẹ̀. Ó rántí ìwé kan tí wọ́n máa ń kọ sí àwọn aláṣẹ ní agbègbè tó ti wá, tí orúkọ rẹ̀ ní "ahọ́n" nínú. Ó yọ lẹ́tà "ahọ́n" torí ó rí yẹpẹrẹ lójú rẹ̀, ó fi lẹ́tà tó túmọ̀ sí "àlàyé" rọ́pò rẹ̀ láìyí ohùn padà, ó di enzetsu. Kò dá a sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ó dá ẹgbẹ́ tó ń fi í dánra wò sílẹ̀ lọ́dún 1874, wọ́n sì kọ́ gbọ̀ngàn fún un ní Mita, ní Tokyo, lọ́dún 1875. Ọ̀rọ̀ náà wà lẹ́nu wọn títí dòní. Akẹ́kọ̀ọ́ kì í sá fún ọ̀rọ̀ tó pọ̀ bó bá ń rí iṣẹ́ tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ń ṣe.

Ẹ jẹ́ kí n mẹ́nu kan ìpín márùn-ún tí àwọn ará Róòmù pín ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀ sí, torí pàkúté kan wà níbẹ̀. Inventio, ìpín àkọ́kọ́, kì í ṣe ìhùmọ̀. Ó ti ara invenire wá, kéèyàn wá nǹkan rí, nítorí náà "ìwárí" ni. Ẹni tó bá kọ "ìhùmọ̀" yóò mú kí òǹkàwé rò pé Cicero, sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ ńlá Róòmù, ní kí agbẹjọ́rò hùmọ̀ ẹ̀rí. Ìyókù kò le: ìtò, ìṣọwọ́lò-èdè, ìhásórí, ìgbéjáde.

Èyí tó ṣì ń yọ mí lẹ́nu ni ethos, ọ̀rọ̀ Gíríìkì fún ohun tó ń mú kí olùgbọ́ gbẹ́kẹ̀ lé asọ̀rọ̀. Gbogbo ènìyàn ń kọ ọ́ ní "ìwà". Ṣùgbọ́n Aristotle sọ ọ́ kedere pé ìgbẹ́kẹ̀lé náà gbọ́dọ̀ ti inú ọ̀rọ̀ tí à ń sọ lọ́wọ́ jáde, kì í ṣe látinú ohun tí wọ́n ti mọ̀ nípa asọ̀rọ̀ tẹ́lẹ̀. Ohun mẹ́ta ló ní kó hàn níbẹ̀: làákàyè, ìwà rere, àti inú rere sí olùgbọ́. Quintilian, olùkọ́ kan ní Róòmù, tó kọ ìwé méjìlá lórí ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀ nígbà tó kù díẹ̀ kí ọdún 100 lẹ́yìn ìbí Kristi pé, ní ẹni rere tó mọ ọ̀rọ̀ sọ ni sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀: ìwà ti gbọ́dọ̀ wà kí ẹnu tó là. Confucius sún mọ́ Quintilian níbí ju bí Aristotle ṣe sún mọ́ ọn lọ, torí ó ní ọ̀rọ̀ tí a fọgbọ́n ṣe lọ́ṣọ̀ọ́ àti ojú tí a tún ṣe kì í sábà ní ìwà èèyàn nínú. Bí a bá kọ "ìwà" fún gbogbo wọn, ìyàtọ̀ tó tóbi jù nínú ìwé náà ti parẹ́, a kò sì ní í rí i pé láàárín àwọn ará Ìwọ̀-Oòrùn fúnra wọn ni ìlà ti pín. "Ìfìwàhàn" ni mo fara mọ́ fún Aristotle, kí "ìwà" wà fún Quintilian àti Confucius. Ó gùn lẹ́nu, mo mọ̀. Bí ẹnikẹ́ni bá ní èyí tó kúrú jù ú lọ tí kò sì ní í ba ìyàtọ̀ yẹn jẹ́, kó fi ránṣẹ́, ká fi í sínú gbólóhùn ká dán an wò.